Eyín Mẹ́rin Nítorí Orúkọ Ìkẹyìn

Ọjọ́ Ajé, ọjọ́ kẹẹ̀ẹ́dógún oṣù kẹwàá, ọdún kọkànlélọ́gbọ̀n Showa (1956)

Ìwé tuntun. Ti tẹ́lẹ̀ ti kún dé èèpo ẹ̀yìn. Fusae, ìyàwó mi, bi mí bóyá kì í sú mi láti máa kọ ọ̀rọ̀ ara mi sílẹ̀ fún ara mi kà. Mo ní ta ló fẹ́ bá mi kọ ọ́ — àwọn oníwèé ìròyìn?

Mo ka gbogbo ẹni tí mo ti jẹ́ láàárọ̀ yìí, láti ọgbọ̀n ọdún tí mo ti ń ṣe sinimá. Igba ó lé mẹ́rìnlá. Àlùfáà méjìdínlógún. Olè mọ́kànlélógójì. Afọ́jú mẹ́sàn-án. Ìyá arúgbó méjì — kò sẹ́ni tó fura. Iye ìgbà tí wọ́n ti fi idà pa mí, mi ò lè kà á mọ́. Ẹ̀ẹ̀mẹfà ni mo ti kú sómi, ọ̀kan nínú oṣù kejì, nínú odò gidi, torí olùdarí ní bí omi bá lọ́ wọ́ọ́rọ́ yóò hàn lójú mi.

Síbẹ̀, ẹ̀ṣọ́ ẹnu géètì Ọgbà dá mi dúró lónìí. (Ọgbà ni mò ń pe ilé iṣẹ́ wa níbí. Orúkọ rẹ̀ gan-an kò yẹ fún ìwé mi.) Ó ní, "Bàbá, ẹ̀yìnkùlé làwọn tó ń kó ìdọ̀tí ń gbà o." Èmi! Èmi tí mo ti ń gba géètì yẹn wọlé kí ìyá rẹ̀ tó lóyún rẹ̀!

Mo fi ìbínú lọ bá Tokunaga, ẹni tó ń pín ipa fún àwa òṣèré. Ẹlẹ́rìn-ín ni mo sọ ọ́, torí bó bá fẹ́ lé ènìyàn lẹ́nu iṣẹ́ pàápàá, ẹ̀rín ni yóò fi sọ ọ́. Ó ní, "Iwabuchi, ìyìn ńlá nìyẹn! Kò sẹ́ni tó mọ ara yí padà tó ẹ ní gbogbo Kyoto. Ojú ẹ ò ṣeé dá mọ̀ rárá." Ó ń sọ ọ́ bí ẹni tó ń bu oúnjẹ fún mi.

Ọjọ́rú, ọjọ́ kẹtàdínlógún

Lẹ́tà dé láti abúlé wa, Miyazu, létí òkun. Màámi ò mọ̀wé tó bẹ́ẹ̀, olùkọ́ àdúgbò ló ń bá wọn kọ ọ́, nítorí náà gbogbo èébú inú rẹ̀ ló ti di ọ̀rọ̀ tó mọ́ tónítóní.

Ojú wọn ti ń lọ. Dókítà ní tó bá fi máa di ìgbà tí òdòdó bá yọ, ìmọ́lẹ̀ àti òjìji nìkan ni wọ́n á máa rí. Ẹni ọdún mẹ́rinlélọ́gọ́rin. Wọ́n ní kí n sọ ọjọ́ tí fíìmù mi tó ń bọ̀ máa jáde kí àwọn wá wò ó ní Kyoto, "kí n lè mọ̀ kí ojú mi tó pa dé, bóyá òótọ́ ni gbogbo ohun tí o ti ń sọ fún mi."

Ẹ̀ẹ̀mọkànlá ni Màámi ti wo fíìmù tí mo wà nínú rẹ̀. Ẹ̀ẹ̀mọkànlá ni wọn ò rí mi. Ní ti àkọ́kọ́, èmi ni àlùfáà tó sọ̀rọ̀ jù níbẹ̀. Wọ́n wò ó tán, wọ́n ní ìgbà wo lo máa jáde? Ní ti ìkarùn-ún, mo jókòó tì wọ́n, mo ń tọ́ka sí ara mi: "Màámi, èmi nìyẹn, atukọ̀ yẹn." Wọ́n wo atukọ̀, wọ́n wò mí, wọ́n ní, "Tame, má parọ́ fún mi. Èmi ni mo bí ọ." Lójú tiwọn, ilẹ̀ ni mò ń gbá ní Ọgbà, tí ojú ń tì mí láti jẹ́wọ́. Wọ́n ti sọ fún àwọn obìnrin abúlé pé iṣẹ́ ilẹ̀ gbígbá náà, iṣẹ́ ni.

Mo máa ń fi sọ ìtàn apanilẹ́rìn-ín fáwọn ará Ọgbà. Ṣùgbọ́n lónìí tí mo ka ọ̀rọ̀ ojú yẹn, ó dùn mí. Ó dùn mí dénú eegun.

Ẹtì, ọjọ́ kọkàndínlógún

Ìròyìn! Kurimoto fẹ́ ṣe fíìmù tuntun. Òun ni olùdarí tí mo ń pè ní Bàbá Sìgá. Bí kò bá fi sìgá kan tan òmíràn, kò lè ronú. Ìtàn náà: ọmọ ogun kan wà ní ìgbèkùn ní Siberia fún ọdún mọ́kànlá, ó padà wálé wá bá bàbá rẹ̀ amọ̀kòkò. Shinomiya ni ọmọ — Ojú Dígí, ẹni tí kì í kọjá gíláàsì fèrèsé kó má kí ara rẹ̀. Bàbá náà ńkọ́? Ẹni ọdún méjìdínlọ́gọ́rin, ìyà ti jẹ ẹ́, eyín iwájú ti tán. Ìran mọ́kànlélọ́gbọ̀n ló ti jáde! Ẹni ọdún mẹ́rìndínlọ́gọ́ta ni mí, ṣùgbọ́n èwo ni ọdún lójú mi?

Èyí tó jù ú lọ: ẹni tó bá ṣe bàbá ló ni orúkọ ìkẹyìn.

Nínú iṣẹ́ wa, ibi tí wọ́n kọ orúkọ ẹni sí níbẹ̀rẹ̀ fíìmù ni ibi tí ẹni náà wà láyé. Gbajúmọ̀ ló ń ṣíwájú. Àwa yòókù á há sáàárín, mẹ́jọ mẹ́jọ, bí ẹja inú agolo. Kí ènìyàn tó ka ẹyọ kan, wọ́n ti lọ. Ṣùgbọ́n ẹni tó kẹ́yìn, òun nìkan ló ń dúró, gàgàrà, kí orúkọ olùdarí tó dé. Ìjókòó àgbà nìyẹn. Onodera, àgbà òṣèré Ọgbà, ti jókòó síbẹ̀ fún ọdún mẹ́sàn-án, ẹni ọdún mọ́kànléláàádọ́rin, kò sì ní in lọ́kàn láti dìde.

Màámi mọ Iwabuchi kà. Ara òkúta sàréè bàbá mi ni wọ́n ti kọ́ ọ. Bí wọ́n bá rí i lójú sinimá, gbàgàdà, tí kò sí ẹlòmíràn lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, wọn ò ní lè sọ pé irọ́ ni. Mo fẹ́ orúkọ yẹn. Mo fẹ́ ẹ bí ọmọ kékeré ṣe ń fẹ́ ọmú.

Àbámẹ́ta, ogúnjọ́

Onodera ti gbọ́ pé mo ń wá ipa náà. Ó kí mi lónìí. Kò kí mi rí.

Ọjọ́ Ajé, ọjọ́ kejìlélógún

Wọ́n dán wa wò níwájú kámẹ́rà, èmi àti Onodera.

Onodera kọ́kọ́ jáde. Ó fọwọ́ sẹ́nu, ó yọ eyín àtọwọ́dá rẹ̀ síta, ó dì í sínú aṣọ ìnujú bí ẹni di ẹyin adìyẹ, ó sì sọ ọ̀rọ̀ tirẹ̀. Ẹnu rẹ̀ wọlé ṣìn-ìn. Alátíkè tó ń kùn wá lójú, tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi, ń nu ojú.

Ó kàn mí. Wọ́n ti fi ìda dúdú kun eyín iwájú mi. Mo ṣe é — mo ṣe é dáadáa, kí n má parọ́ fún ìwé ara mi. Bàbá Sìgá fojú sí kámẹ́rà, ó gbé ojú kúrò, ó tún gbé e padà. Ó ní, "Eyín ni mò ń rí. Eyín tí wọ́n kùn ni mò ń rí." Onodera bú sẹ́rìn-ín pẹ̀lú ẹnu òfìfo rẹ̀ yẹn.

Mi ò mọ ohun tó wọ̀ mí. Mo gbọ́ ohùn ara mi tó ń sọ pé, "Ọ̀gá, màá yọ wọ́n."

Onodera sáré ní kí ni ìyàtọ̀, ti òun kò sí níbẹ̀ tẹ́lẹ̀, wọn ò nílò wàhálà kankan. Bàbá Sìgá mi orí, èéfín ń jáde nímú rẹ̀. Ó ní, "Onodera, tìẹ ti lọ ọjọ́ ti pẹ́, kò dùn ọ́ mọ́. Ẹni tó fi eyín ara ẹ̀ sílẹ̀ nítorí mi, kámẹ́rà á mọ̀."

Mo gba ipa. Mo gba orúkọ ìkẹyìn. Inú mi ń dùn, ahọ́n mi sì ń fọwọ́ kan eyín kọ̀ọ̀kan láti ìgbà náà.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, ọjọ́ kẹtàlélógún

Mo sọ fún Fusae. Ó gbé ìkòkò sílẹ̀.

Ó ní, "Bàbá Chizuru, ṣé orí yín pé báyìí?" Mo ní ó pé. Ó ní, "Bí wọ́n bá wá ní kẹ́ ẹ ṣe ẹlẹ́sẹ̀ kan lẹ́yìn èyí ńkọ́? Kí n lọ wá ayùn sílẹ̀?" Mo ní nítorí Màámi ni. Ó ní òun mọ̀, ohun tó ń bí òun nínú gan-an nìyẹn, torí bó bá jẹ́ nítorí ìgbéraga mi nìkan ni, òun ì bá rí ọ̀rọ̀ fi bá mi jà.

Kò bá mi jà mọ́. Ó kan ń se nǹkan líle: ẹja gbígbẹ, takuan, gbòǹgbò oníyọ̀ tó ń dún kàù bí a bá ti gé e jẹ, ẹsẹ̀ ẹja ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́jọ tó yan lórí iná. Ó ní kí n bá eyín mi ṣe ayẹyẹ ìdágbére.

Ọjọ́bọ̀, ọjọ́ kẹẹ̀ẹ́dọ́gbọ̀n

Wọ́n ti lọ. Mẹ́rin, iwájú, òkè.

Dókítà eyín náà, Nishio, bi mí pé èwo ló ń dùn mí. Mo ní kò sí. Ó ní kí wá ni mo wá ṣe? Mo ṣàlàyé. Ó bọ́ ìgò ojú rẹ̀, ó ní òun kì í yọ eyín tó dára, ẹ̀kọ́ tí òun kọ́ kò gba òun láyè. Mo ní òṣèré ni mí. Ó wò mí láti òkè délẹ̀: "Ẹ̀yin?" Mo ní ṣé ó wo fíìmù tí wọ́n ti ju afọ́jú sí kànga lọ́dún tó kọjá. Ó fò sókè! "Ẹ̀yin ni?! Mo sunkún o! Mo sunkún délé, ìyàwó mi ń fi mí ṣe yẹ̀yẹ́!" Ó pe nọ́ọ̀sì, ó pe aláìsàn tó wà lóde, ó fi mí hàn wọ́n. Lẹ́yìn èyí ló wá fi ọ̀wọ̀ yọ wọ́n, ó ń tẹríba fún ẹyọ kọ̀ọ̀kan kó tó fà á.

Ó di ẹni tí ń nífẹ̀ẹ́ mi nítorí afọ́jú. Ojú mi kò sọ nǹkan kan fún un.

Ẹtì, ọjọ́ kẹrìndínlọ́gbọ̀n

Ìrẹsì tí wọ́n sè bí ẹ̀kọ. Ọbẹ̀. Ìrẹsì bí ẹ̀kọ.

Ọjọ́ Ajé, ọjọ́ kọkàndínlọ́gbọ̀n

Gbogbo Ọgbà ló wá wo ẹnu mi. Mo là á fún wọn bí ẹni ṣí ilé ìtajà tuntun. Àwọn ọmọge tó ń ran aṣọ ń pariwo. Ojú Dígí fúnra rẹ̀ wá, ó wò ó, ó sì sáré lọ wo tirẹ̀ nínú dígí.

Ìdùnnú gidi wà nílé ìtẹ̀wé. Pósítà ti jáde. Shinomiya lápá kan, orí rẹ̀ tóbi bí òṣùpá. Lápá kejì, nísàlẹ̀ pátápátá, òun nìkan: IWABUCHI TAMEZO. Mo fọwọ́ kàn án, tàdáwà rẹ̀ kò tíì gbẹ, ó sì bá mi dé ilé lára ìka.

Mo kọ̀wé sí Màámi: ọjọ́ kejìdínlọ́gbọ̀n oṣù tó ń bọ̀, kí wọ́n wá. Mo ní, ẹ ṣáà máa wo orúkọ.

Ẹ̀ṣọ́ géètì tẹríba fún mi lónìí, ó kéré tán. Ó ní, "Ẹ káàbọ̀, bàbá Onodera."

Àbámẹ́ta, ọjọ́ kẹta oṣù kọkànlá

Ìyọnu. Ìyá Ojú Dígí wá sí Ọgbà.

Obìnrin yìí ló ń ka gbogbo ìwé eré ọmọ rẹ̀ kí ọmọ tó kà á. Mọ́tò dúdú ló gbé e wá. Wọ́n ránṣẹ́ pè mí sí ọ́fíìsì Ẹlẹ́rìn-ín kí ó lè rí mi. Ó wò mí bí ẹni tó ń wo ẹja tó ti pẹ́ lórí igbá. Kò bá mi sọ̀rọ̀, Ẹlẹ́rìn-ín ló ń bá sọ̀rọ̀, nípa mi: "Èyí ni ẹ fẹ́ pè ní bàbá ọmọ mi?"

Ẹlẹ́rìn-ín ní òṣèré ńlá ni mí, eyín gidi ni mo yọ.

Ó ní, "Ohun tí mò ń sọ gan-an nìyẹn. Ẹgbẹ̀rún lọ́nà ogójì ọmọbìnrin ló wà nínú ẹgbẹ́ àwọn olólùfẹ́ ọmọ mi. Wọ́n á wo baba, wọ́n á wo ọmọ, wọ́n á bẹ̀rẹ̀ sí í bi ara wọn pé bó bá pé ogójì ọdún, ṣé bó ṣe máa rí nìyí? Níbo ni imú ọmọ mi ti wá? Ṣé lára èyí?" Ó fi abẹ̀bẹ̀ tọ́ka sí imú mi.

Ojú Dígí jókòó lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ pẹ̀lú ọwọ́ lórí orúnkún. Ẹni tó pa ènìyàn mẹ́tàlélọ́gbọ̀n nínú fíìmù kan ṣoṣo!

Ọjọ́ Ajé, ọjọ́ karùn-ún

Wọ́n ti pa mí.

Ẹlẹ́rìn-ín ló sọ fún mi, ẹ̀rín rẹ̀ gbòòrò ju ti àtẹ̀yìnwá lọ. Bàbá ti kú kí fíìmù tó bẹ̀rẹ̀. Ọmọ dé láti Siberia, ó bá fọ́tò bàbá lórí pẹpẹ òkú ilé, tùràrí ń jó. Ó parí.

Mo ní ìran mọ́kànlélọ́gbọ̀n mi dà? Ó ní wọ́n ti di fọ́tò. "Ṣùgbọ́n, Iwabuchi, fọ́tò náà wà nínú ìran mẹ́ta!" Mo ní eyín mi ńkọ́? Ó ní mo tiẹ̀ rán òun létí: ìyá Shinomiya fẹ́ kí bàbá inú fọ́tò jẹ́ ẹni tó ṣeé wò. Kó ní eyín.

Mo dìde. Mo fẹ́ sọ̀rọ̀, afẹ́fẹ́ ni ó gba ẹnu mi jáde. Ó ní kí n má bínú, pósítà ti wà lára ògiri láti Osaka dé Kobe, wọn ò lè tẹ òmíràn mọ́, orúkọ ìkẹyìn ṣì jẹ́ tèmi. "Àwa kì í yẹ àdéhùn níbí." Ó fọwọ́ lu àyà nígbà tó ń sọ ọ́.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, ọjọ́ kẹfà

Mo lọ bá Bàbá Sìgá. Ó ní òun jà fún mi. Ó ní òun jà títí sìgá méjì fi jó tán.

Ó wá bẹ̀rẹ̀ sí í sọ pé òkú lágbára ju alààyè lọ lójú sinimá, pé ẹni tí kò bá sí nílé ló ń kún ilé jù, pé òun gan-an ti ń rò ó bẹ́ẹ̀ tẹ́lẹ̀. Mo mọ̀ pé irọ́ ni. Òun náà mọ̀. Ó ń sọ ọ́ fún eérú sìgá rẹ̀.

Mo fẹ́ fi iṣẹ́ náà sílẹ̀. Mo ti múra ọ̀rọ̀ tí màá sọ. Mo sì rántí pé bí mo bá fi sílẹ̀, orúkọ náà yóò lọ. Eyín ti lọ. Kí ni Màámi máa wá wò? Lọ́dún tó ń bọ̀ wọn ò ní rí nǹkan kan mọ́.

Mo tẹríba fún un, mo ní ẹ ṣeun Ọ̀gá. Mo kórìíra ẹ̀yìn mi nígbà tí mo ń tẹ̀ ẹ́.

Ọjọ́bọ̀, ọjọ́ kẹjọ

Fọ́tò. Ẹ wo ìyà!

Ayàwòrán Ọgbà yà mí pẹ̀lú ẹnu pípadé: mo dà bí ẹni tó fi kóró èso pamọ́ fún ọlọ́pàá. Ó yà mí pẹ̀lú eyín àtọwọ́dá tí wọ́n yá lọ́wọ́ ẹnì kan (mi ò bi wọ́n ta ni): ẹṣin. Wọ́n fi àtíkè lé mi lójú, wọ́n yọ ọ́, wọ́n fi irùngbọ̀n sí i, wọ́n yọ ọ́. Irú ìwà wo ni kí n fún bàbá yìí? Ṣé onínúure ni, àbí ẹlẹ́mìí líle? Mo ní kí wọ́n fún mi ní wákàtí kan kí n ronú. Ayàwòrán ní, "Bàbá, òkú ni."

Mo délé, mo ń kùn. Fusae ṣí dúrọ́ọ̀, ó mú fọ́tò kan jáde. Ọkọ Chizuru, ọmọ wa, ló yà á ní ọdún méjì sẹ́yìn létí òkun. Ṣẹ́ẹ̀tì mi tó ti gbó, fìlà sẹ́yìn orí, oòrùn ń gún mi lójú, mo ń rẹ́rìn-ín sí nǹkan kan tí mi ò rántí mọ́. Kò sí wíìgì. Kò sí àtíkè. Ojú lásán.

Ojú tì mí láti mú un lọ. Bàbá Sìgá wò ó pẹ́. Ó ní, "Ta nìyí?"

Mo ní èmi ni.

Ó ní ó dára, pé ó jọ ẹni tó ti kú lóòótọ́.

Ọjọ́rú, ọjọ́ kẹrìnlá

Wọ́n ya ìran pẹpẹ. Mo lọ wò ó; ó kéré tán, ara mi ni.

Kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀, wọ́n wọ́n iyọ̀ sí mi lára, bí wọ́n ṣe ń ṣe fún gbogbo ẹni tó bá ṣe òkú níbí, kí ikú má bàa rò pé òótọ́ ni. Wọ́n wọ́n ọn dáadáa, títí kan inú bàtà. Mo wá dúró sẹ́yìn iná bí ẹja oníyọ̀ tí Màámi ń sá gbẹ ní Miyazu.

Ojú Dígí kúnlẹ̀ níwájú mi — níwájú fọ́tò. Ó yẹ kó sunkún. Kò fẹ́ kí ojú òun pọ́n. Ẹ̀ẹ̀meje ni wọ́n yà á. Lẹ́ẹ̀karùn-ún ó ní kí wọ́n sún fọ́tò sí ẹ̀yìn díẹ̀, torí ó ń gba ìmọ́lẹ̀ mọ́ òun lọ́wọ́. Wọ́n sún un. Àwọn tó ń tan iná ń wojú ara wọn.

Bí wọ́n ti parí, ó wá tẹríba fún mi, ọmọ tó ní ẹ̀kọ́ ni, ó ṣáà ní ìyá. Ó ní, "Bàbá, ẹ ràn mí lọ́wọ́ gan-an lónìí." Mo ní kò tọ́pẹ́. Kí ni mo ṣe?

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, ọjọ́ kẹtàdínlọ́gbọ̀n

Màámi dé. Wọ́n gbé ẹja gbígbẹ tó tó gbogbo àdúgbò jẹ wá. Wọ́n ti kéré sí i. Wọ́n di ojú mi mú ní ibùdókọ̀ ojú irin, wọ́n sún un mọ́ tiwọn títí imú wa fi fẹ́rẹ̀ẹ́ kanra. Eyín àtọwọ́dá tí Nishio ń ṣe fún mi kò tíì yá.

"Ta ló gbá ọ lẹ́nu?"

Mo ní iṣẹ́ ni, Màámi. Wọ́n ní, "Ìgbálẹ̀ wo ló ń gbá ènìyàn lẹ́nu?" Fusae sá wọ inú èrò kó tó rẹ́rìn-ín.

Ó yẹ kí n sọ ọ̀rọ̀ fọ́tò fún wọn. Mo la ẹnu lẹ́ẹ̀mẹta níbi oúnjẹ alẹ́. Àwọn ló ń fọ́ ẹja fún mi sínú ọbẹ̀ bí ẹni pé mo jẹ́ ọmọ ọdún kan, mi ò sì lè sọ ọ́. Mo ṣáà ń sọ pé kí wọ́n máa wo orúkọ, ìkẹyìn, tó dá dúró. Wọ́n ní wọ́n ti gbọ́, wọn ò dití, ojú ló ń dùn wọ́n.

Ọjọ́rú, ọjọ́ kejìdínlọ́gbọ̀n

Ọ̀sán. Ilé sinimá kún. Mo gba ìjókòó ìlà kejì nítorí ojú Màámi. Fusae lápá ọ̀tún wọn, èmi lápá òsì. Ara mi ń gbọ̀n ju ti odò oṣù kejì lọ.

Iná kú. Shinomiya! Àwọn ọmọge pariwo. Lẹ́yìn náà àwọn ará agolo, mẹ́jọ, mẹ́jọ, mẹ́jọ. Mo di ọwọ́ Màámi mú: "Ó ń bọ̀, Màámi, ẹ wò ó." Ìgbà yẹn gan-an ni obìnrin kan tó pẹ́ dé ń gba iwájú wa kọjá pẹ̀lú ẹrù lẹ́yìn, ó sì dá dúró láti bẹ Màámi pé kó má bínú. Màámi — ọmọlúàbí láti Miyazu! — dìde, wọ́n tẹríba fún un. Obìnrin náà tún tẹríba. Màámi kò jẹ́ kó borí wọn, àwọn náà tún tẹríba. Mo rí IWABUCHI láàárín ìdí wọn méjèèjì. Mo rí i tó lọ.

Màámi jókòó. "Ó ti dé?"

Mo ní ó ti kọjá.

Wọ́n ní, "Hẹn-ẹn," jẹ́ẹ́jẹ́. Wọ́n fọwọ́ pa mí lọ́wọ́ bí ènìyàn ṣe ń ṣe fún ẹni tí wọ́n ti dárí irọ́ jì. Eyín mẹ́rin. Ọgbọ̀n ọdún. Mo fẹ́ dìde kí n máa lọ sílé, ṣùgbọ́n ta ni yóò mú wọn lọ?

Nítorí náà mo jókòó. Ojú Dígí dé láti Siberia, ó sanra. Ó wọ ilé. Ó ṣí ilẹ̀kùn. Pẹpẹ wà lókèèrè, fọ́tò kékeré, tùràrí. Màámi sún síwájú lórí ìjókòó. Kámẹ́rà ń sún mọ́ ọn, ó ń sún mọ́ ọn, títí ojú mi fi kún gbogbo ògiri: fìlà sẹ́yìn orí, oòrùn lójú, ẹ̀rín.

"Tame!" Gbogbo ilé sinimá ló gbọ́ ọ. "Tame nìyẹn! Ọmọ mi nìyẹn!"

Àwọn èrò ìwòran ní ṣíọ̀, ṣíọ̀. Màámi ti dìde. "Kí ni wọ́n ń jó tùràrí fún? Ta ló ní ó ti kú? Kò kú o! Ó wà níbí!" Màámi fi kọ́là kóòtù mi fà mí dìde, ọwọ́ ẹni ọdún mẹ́rinlélọ́gọ́rin, ọwọ́ tó ti fa àwọ̀n nínú òkun. "Dìde kí wọ́n rí ọ! Yí sí wọn!"

Mo yí sí wọn. Ìmọ́lẹ̀ fọ́tò mi ń bọ́ sí mi lẹ́yìn. Mo rí ojú wọn, ìlà lórí ìlà, ọ̀pọ̀ ti ń sunkún tẹ́lẹ̀ nítorí bàbá tó kú. Wọ́n ń wò mí. Kò sẹ́ni tó dá mi mọ̀. Ọkùnrin kan ní ìlà kẹfà, omi ń dà lójú rẹ̀, ó ní, "Bàbá, ẹ jọ̀ọ́ ẹ jókòó, ẹ ń dí wa lójú!" Òmíràn ní kí wọ́n mú arúgbó yẹn jáde. Fusae ń tẹríba fún gbogbo ayé, ó sì ń sunkún.

Mo fẹ́ jókòó, ojú tì mí púpọ̀. Màámi kò fi kóòtù mi sílẹ̀.

"Má jókòó," ni wọ́n wí. "Mo ti rí ọ."

Mi ò jókòó.